Àtẹ́wọ́ fún Leonard Gzyl

Gbogbo ohun tí Leonard Gzyl bá fọwọ́ kàn ló ń rí Felicja Wrońska lára. Bí wọ́n bá jọ ń múra fún eré, tí ọkùnrin náà bá gbé ife tíì, Felicja á ní kí Màmá Apolonia, tó ń tọ́jú aṣọ àwọn òṣèré, lọ tún ife náà fọ̀.

"Ẹ fi omi gbígbóná fọ̀ ọ́, Màmá. Ó ń rùn."

"Kí ló ń rùn lára ife, ọmọ mi?"

"Ọwọ́ tó dì í mú ni."

Láti ìgbà tí àwọn ológun ti gbàjọba Poland ní oṣù Kejìlá, àwọn òṣèré Warsaw ti fohùn ṣọ̀kan pé ojú àwọn kò ní hàn lórí tẹlifíṣọ̀n ìjọba, ohùn àwọn kò sì ní jáde níbẹ̀. Ẹni tó bá dalẹ̀, àwọn òǹwòran kò ní hó lé e lórí. Wọn á pàtẹ́wọ́ fún un ni. Bó bá ti yọ sórí ìtàgé, wọn á máa pa á lọ láìrẹ́rìn-ín, kò ní ráàyè sọ gbólóhùn kan, títí yóò fi sá wọlé bí ajá tí wọ́n lé kúrò nídìí ìkòkò.

Wọ́n ti rí Leonard tó ń jáde láti ilé tẹlifíṣọ̀n. Felicja bi í léèrè lójúkojú, kò sì jiyàn. Ó ní òun lọ bẹ̀ wọ́n nítorí ẹnì kan ni, wọn kò gbọ́.

"Ẹ̀bẹ̀ kọ́, ẹ̀gbin ni!" Felicja tutọ́ sínú àwo ìfọwọ́.

Ọmọdébìnrin ni Felicja nígbà tó ṣe ìyàwó apẹja nínú fíìmù rẹ̀ àkọ́kọ́, àwòrán rẹ̀ sì kún ara ògiri láti Kraków dé Gdańsk. Nígbà tó kọjá ogójì ọdún, ipa àǹtí àti aládùúgbò nìkan ni wọ́n ń fún un. Ṣùgbọ́n lónìí, Tymon Baran tó ń darí fíìmù yóò jókòó ní ìlà iwájú. Ó ń wá obìnrin tí yóò gbé fíìmù rẹ̀ tuntun lé léjìká, ó sì fẹ́ wo Felicja kó tó pinnu. Bí èyí bá bọ́, òmíràn kò sí mọ́. Leonard elẹ́gbin yìí ni wọ́n sì jọ máa ṣí eré!

"Felka, má jáde lónìí," Leonard wí fún Felicja. "Sọ pé ọ̀fun ń dùn ọ́."

"Ẹ̀rù ń bà ọ́, àbí?"

"Ó ń bà mí gan-an."

"Aláìnítìjú! O fẹ́ fi àǹfààní mi nu ìdọ̀tí rẹ."

Màmá Apolonia, tó kúnlẹ̀ tó ń gán etí aṣọ Felicja, yí ọ̀rọ̀ padà. "Ọmọ-ọmọ mi ò kúrò níwájú ẹ̀rọ tẹlifíṣọ̀n lánàá títí o fi ka ìtàn ehoro yẹn tán."

Felicja rẹ́rìn-ín fún ìgbà àkọ́kọ́ lọ́jọ́ náà. "Ẹ bá mi kí i. Ọmọdé ò kúkú mọ ológun yàtọ̀ sí ehoro. Ẹ fún ìbàdí yẹn díẹ̀ sí i."

Bí aṣọ ìkélé ṣe ṣí ni àtẹ́wọ́ bẹ̀rẹ̀ láti ẹ̀yìn, ó sì dé iwájú. Ẹnikẹ́ni ò rẹ́rìn-ín. Inú Felicja dùn. Ó sún kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ Leonard, kí Tymon Baran lè rí i pé ẹ̀gbin náà kò kan òun.

"Kí lo tún ń dúró ṣe?" ó wí láìyíjú. "Máa lọ!"

"Jẹ́ ká jọ lọ, Felka. Mo bẹ̀ ọ́."

Ó kẹ̀yìn sí i. Leonard tẹrí ba, ó sì rọra wọlé.

Ilẹ̀kùn padé lẹ́yìn rẹ̀, ó ku Felicja nìkan lórí ìtàgé, ó la ẹnu láti sọ gbólóhùn àkọ́kọ́, àtẹ́wọ́ náà sì le sí i, Tymon Baran ló ń pa á kíkankíkan jù.