Ọjọ́ Tí Ọmọ-ọ̀dọ̀ Inú Sinimá Lóhùn

"Wọ́n ní ṣe ló ń tọrọ oúnjẹ lọ́wọ́ olówó…"
"Èmi gbọ́ pé ó wólẹ̀ títí tó fi…"

Àhesọ yìí gba gbọ̀ngàn kan. Lónìí, ẹ̀rọ tó ń ka ètè yóò fún sinimá àtijọ́ tí kò lóhùn ní ohùn, ìyá tó bí ìyá Màmá Àgbà ló sì ṣe ọmọ-ọ̀dọ̀ inú rẹ̀. Ara Ìbídùn ò balẹ̀.

"Ìran wa kì í tọrọ jẹ," Màmá Àgbà ń kùn, bí Ìbídùn, ọmọ-ọmọ rẹ̀, ṣe ń fà á wọlé.

Nínú sinimá náà, olówó àtàwọn ènìyàn rẹ̀ jókòó yí tábìlì ká, ọmọ-ọ̀dọ̀ dúró tì wọ́n. Ọ̀rọ̀ tí olówó sọ fún un yọ ní kíkọ: "Ọ̀kan náà ni gbogbo wa. Jókòó, ká jọ jẹun." Ètè ọmọ-ọ̀dọ̀ mì, ohùn jáde. Gbogbo ilé hó yèè.

Màmá Àgbà, tí etí rẹ̀ ti wúwo, fa Ìbídùn láṣọ. "Kí ló wí?"

"Ó ní, 'Mo ti gbọ́, ọ̀gá. Àga tèmi dà?'"