Igi Ẹnu Ọ̀nà Kẹrin

Ẹ̀yin ará, ẹ má kàn fojú fo èyí o. Ẹ kà á tán pátá kí ẹ tó fi ránṣẹ́ sí ẹlòmíràn, pàápàá ẹ̀yin tí pọ́táábù, ìyẹn fóònù alágbèéká, kì í kúrò lọ́wọ́ yín.

1.
Hermann ni orúkọ rẹ̀. Ọmọ Sakété ni, ìjọba ló gbé e wá sí ìlú Savè láti máa kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò. Gbogbo Àbámẹ́ta ló máa ń kó àwọn tó fẹ́ràn fọ́tò jọ, wọn á fẹsẹ̀ rin ìlú láti ibùdó rélùwéè dé àwọn ilé alámọ̀ tó wà lẹ́sẹ̀ òkè. "Ẹ má wo ilé," ni yóò máa wí fún wọn, "ẹ wo ìlà. Ẹ wo igun. Ẹ wo ibi tí òjìji ti gé ògiri sí méjì." Ká sọ òtítọ́, ó mọ iṣẹ́ náà. Àwọn tó ti ń gba iwájú ilé bàbá wọn kọjá láti kékeré ṣẹ̀ṣẹ̀ wá rí i pé ilé náà lẹ́wà.

Àléébù rẹ̀ kan ni pé kò lè rí ohun tó bá da ìlà rú kó mú un mọ́ra. Bí garawa bá wà níwájú ògiri, á gbé e kúrò. Bí aṣọ bá wà lórí okùn, á ká a. Aṣọ ẹni ẹlẹ́ni o! Àwọn èèyàn á rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní bí olùkọ́ ṣe máa ń ṣe nìyẹn.

2.
Ilé tó fẹ́ràn jù ni ti Ìyá Awawou, opó kan tó ti lé ní àádọ́rin ọdún. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ rẹ̀ ní ẹnu ọ̀nà márùn-ún tí orí wọn tẹ̀ bí ọrun, wọ́n tò tẹ̀lé ara wọn régé. Láàárọ̀, ìmọ́lẹ̀ á gba inú wọn sùn sílẹ̀ ní ìlà márùn-ún.

Ṣùgbọ́n igi kan dúró ní ẹnu ọ̀nà kẹrin. Orí rẹ̀ là sí méjì, ó fi ru ìtì tó gbé òrùlé dúró. Òjò ọdún tó kọjá ló la ògiri ibẹ̀. Kamarou, ọmọ ìyá náà tó ń dáko kajú ní Kaboua, ló fi igi tì í, ó sì ki òkúta pẹlẹbẹ kan bọ abẹ́ igi náà kó lè le dáadáa.

"Hermann, ọmọ mi," ni Ìyá Awawou wí lọ́jọ́ àkọ́kọ́, "ilé mi ṣí sílẹ̀ fún ọ. Ya ohun tó bá wù ọ́. Igi yìí nìkan ni kí o má fọwọ́ kàn."

"Màmá, mo ti gbọ́."

Ó gbọ́ lóòótọ́. Àmọ́ igi náà ń gún un lójú.

3.
Nínú oṣù kẹta, àlejò mọ́kànlá wá láti Kútọnu. Ọ̀kan nínú wọn, Géraldine, ní gbọ̀ngàn tó ti máa ń gbé fọ́tò kọ́ kí ayé wá wò ó. Ọkàn Hermann fò sókè. Ìyá Awawou kò sí nílé, ó lọ síbi ìsọmọlórúkọ ní Okpara.

"Ó mà ṣe o," ni Géraldine wí, "igi yẹn ba gbogbo rẹ̀ jẹ́."

Ọ̀rọ̀ yẹn ló kó bá a. "Ìṣẹ́jú márùn-ún péré," ni Hermann wí. Ó yọ òkúta sí ẹ̀gbẹ́ ilé, òun àti àlejò kan sì gbé igi síbẹ̀. Òrùlé kò mira. Wọ́n ya fọ́tò wọn, ẹnu ọ̀nà márùn-ún, kò sí ìdíwọ́ kankan.

Nígbà tí wọ́n dá igi padà, wọ́n gbàgbé òkúta. Hermann rí i pé orí igi kò kan ìtì dáadáa mọ́. Ó rí i o! Ṣùgbọ́n àwọn àlejò ti ń pè é pé oòrùn ń lọ. Ó ní òun á padà wá tún un ṣe lọ́la. Kò padà wá. Nígbà tí Ìyá Awawou dé, ó rí igi níbi tó máa ń wà, kò sì fura.

4.
Ní ọjọ́ kẹrin, òjò dé pẹ̀lú ìjì. Ìyá Awawou sáré jáde láti kó kajú tó sá sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Òrùlé wó lé e. Ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ ṣẹ́ níbi méjì.

Ní ọsibítù, Salifou, àbúrò bàbá Kamarou, dojú ìbínú kọ ọ́ níwájú gbogbo èèyàn. "Irú igi wo lo fi ti ilé ìyá rẹ? Ìwọ lo fẹ́ pa á!"

Kamarou ń sunkún bí ọmọdé. "Bàbá, mo tì í dáadáa. Ẹ gbà mí gbọ́, mo tì í dáadáa."

Hermann wà níbẹ̀, ó ra ọsàn wá kí aláìsàn. Ó ní, "Òjò yẹn le. Òjò ni."

Ẹ dúró níbí yìí díẹ̀, ẹ̀yin tí ẹ ń kà á. Igi tó yọ, ẹ lè pè é ní àìbìkítà. Kí lẹ fẹ́ pe èyí?

5.
Ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn náà, fọ́tò náà jáde, ó ń ti pọ́táábù kan bọ́ sí òmíràn. Inú àwọn ará Savè dùn. Wọ́n ń kí Hermann lọ́nà ọjà. Fọ́tò náà dé ọwọ́ Kamarou lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn ìyá rẹ̀ ní ọsibítù, Kamarou sì fẹ́ fi ilé hàn án bó ṣe wà tẹ́lẹ̀, kí inú rẹ̀ lè dùn díẹ̀. Ó fẹ̀ ẹ́ lójú. Ó ka ẹnu ọ̀nà.

"Ìyá, níbo ni igi wà?"

Ìyá Awawou gbé e súnmọ́ ojú. "Bá mi pe Hermann."

Nígbà tó dé, tó rí ohun tó wà lọ́wọ́ ìyá, orúnkún rẹ̀ kanlẹ̀. "Màmá, ẹ dárí jì mí."

"Ẹsẹ̀ mi kọ́ ló dùn mí jù," ni ìyá wí. "O dúró síbí, o gbọ́ bí wọ́n ṣe ń bú ọmọ mi, o sì ní òjò ni. Mo ti dárí jì ọ́. Má wọ ilé mi mọ́."

Láti ọjọ́ náà, bí Hermann bá yọ lójú ọ̀nà, àwọn tó gbọ́ ohun tó ṣe á ti ilẹ̀kùn. Àwọn tí kò mọ̀ ṣì ń yin fọ́tò náà títí di òní. Òun kò lè wò ó, nítorí ẹnu ọ̀nà kẹrin nìkan lojú rẹ̀ ń lọ bá.

Nítorí náà, mo kìlọ̀ fún ẹ̀yin tí ẹ ń ya ilé onílé: ẹ bi onílé léèrè kí ẹ tó gbé ohunkóhun kúrò. Bí ẹ bá sì ti ṣe àṣìṣe, ẹ jẹ́wọ́ lọ́jọ́ náà gan-an, kí ẹni tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀ má baà máa sunkún nítorí yín. Òkúta pẹlẹbẹ yẹn ṣì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé Ìyá Awawou, níbi tí Hermann gbé e sí.