Apá Ògbufọ̀

Ẹ̀rín ni amọ̀kòkò fi lé ògbufọ̀ dókítà òyìnbó kúrò ní Òkèlele, tòun ti abẹ́rẹ́ tí wọ́n fi ń dènà ìgbóná.

"Ẹ̀yin ìyá wa," ni ògbufọ̀ wí, ó ń ká agbádá rẹ̀ sí èjìká, "ìmọ̀ tó ga ju Òkè Sóbì lọ ti sọ̀ kalẹ̀ wá bá yín!"

"Òkè kì í sọ̀ kalẹ̀," ni amọ̀kòkò dá a lóhùn, amọ̀ dé e ní ìgbọ̀nwọ́. "Abẹ́rẹ́ yìí, wọ́n ti fi ha apá tìrẹ?"

"Ìyá, abẹ́rẹ́ yìí ni asà, òun ni odi..."

"Mo ní ká ọwọ́ ẹ̀wù rẹ sókè!"

Ó ká a. Apá rẹ̀ ń dán, kò sí àpá kankan níbẹ̀.

"Ẹ wá wo elépo tí kì í jẹ epo!"

Àwọn obìnrin bú sẹ́rìn-ín. Amọ̀kòkò fa Rùkáyátù, ọmọ ọmọ rẹ̀, kúrò láàárín àwọn ọmọ tó tò fún abẹ́rẹ́, ó pọ̀n ọ́n.

Ìtìjú lé ògbufọ̀ padà sọ́dọ̀ dókítà. Lójú ẹsẹ̀ ló ní kí wọ́n ha apá òun.

Kí oṣù mìíràn tó lé, ìgbóná wọ ìlú. Ó dé ilé ògbufọ̀, ó fò ó kọjá. Ó dé ilé amọ̀kòkò, ó mú Rùkáyátù. Ẹ̀rín ọjọ́ yẹn, ojú Rùkáyátù méjèèjì ló bá a lọ.