Ojú Lọ̀rọ̀ Wà

Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni Miriam pe Ọ̀gá Dìran kí ọkọ̀ rẹ̀ tó wọ Láfẹ́nwá, baba náà kò gbé e. Ìgbà tó dé ìdí afárá ni àtẹ̀jíṣẹ́ kan wọlé sórí fóònù rẹ̀: "Máa bọ̀. A ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́." Kò sí ẹ kú ọ̀nà, kò sí má bínú.

Inú bí i díẹ̀, ṣùgbọ́n kò yà á lẹ́nu. Ilé iṣẹ́ tó rán an wá láti Èkó ti kìlọ̀ fún un tẹ́lẹ̀. Àwọn ló ń gbọ́ bùkátà fíìmù tí ọkùnrin náà ń ṣe, òṣèré méjì tó sì fi ìbínú kúrò níbẹ̀ ti wá rojọ́ fún wọn pé agídí rẹ̀ ti kọjá sísọ: bí èèyàn bá kí i, á ṣe bí ẹni pé ajá ló gbó. Wọ́n ní kí Miriam lọ fi ojú ara rẹ̀ rí i lọ́jọ́ kan ṣoṣo, kó sì sọ bóyá kí wọ́n gba fíìmù náà lọ́wọ́ rẹ̀ fún olùdarí mìíràn.

Ọmọ Ṣàpọ́n ni Miriam, ó mọ ẹni tí wọ́n ń pè ní Dìran nílùú. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni baba náà nígbà tó bá ẹgbẹ́ òṣèré alárìnká lọ, tó ń ru ẹrù aṣọ wọn láti gbọ̀ngàn dé gbọ̀ngàn. Nígbà tí ìtàgé dẹnu kọlẹ̀, tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń lọ bẹ àwọn ọlọ́jà fíìmù l'Ékòó, ó ní òun kò ní jẹ́ kí ẹni tó ń ta kásẹ́ẹ̀tì wá kọ́ òun bí wọ́n ṣe ń sunkún. Fíìmù mọ́kànlá ló ti dá ṣe láti ìgbà náà, láìbẹ ẹnikẹ́ni. Èyí tó wà lọ́wọ́ ni ìkejìlá, ìtàn ìyá kan tí wọ́n fẹ́ lé kúrò nílé ọkọ rẹ̀. Bí wọ́n bá gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, kò dájú pé ó tún máa ṣe òmíràn láyé. Ẹni ọdún méjìdínláàádọ́rin ni.

Inú ọgbà ilé àtijọ́ kan lẹ́yìn ojú irin ni wọ́n ti ń ṣiṣẹ́. Ọ̀gá Dìran jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ kámẹ́rà. Tóyìn, ìyàwó rẹ̀ tí wọ́n jọ ṣe ìtàgé láti kékeré, jókòó sí òdìkejì níbi tí ojú àwọn méjèèjì ti ń pàdé, ó gbé ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń gbọ́ ohùn àwọn òṣèré kọ́ etí.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, sà," Miriam kí i láti ẹ̀yìn.

Kò dáhùn. Miriam rìn yí i ká, ó kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀. Ìgbà yẹn ni baba náà tó rẹ́rìn-ín.

"Káàbọ̀, ọmọ mi. Iwájú mi ni kó o ti máa bá mi sọ̀rọ̀. Ojú lọ̀rọ̀ wà. Mo sì mọ ohun tó gbé ọ wá. Bí wọ́n bá fẹ́ gba fíìmù mi, kí wọ́n wá síbí wá gbà á. N ò ní fọwọ́ ara mi gbé e fún wọn."

Làtífátù ló ń ṣe ìyá inú ìtàn náà. Ọ̀rọ̀ gígùn ló ní láti bá àwọn ẹbí ọkọ sọ, ó sì sọ ọ́ débi pé ẹni tó gbé iná dání ń nu ojú.

"Irọ́ ni," Ọ̀gá Dìran wí. "Tún un ṣe."

Ó tún un ṣe. Ọ̀gá tún ní irọ́ ni. Nígbà tó di ẹ̀ẹ̀karùn-ún, Làtífátù bú sẹ́kún tòótọ́.

"Ọ̀gá, èwo ni mo ṣì sọ?"

Baba náà tẹjú mọ́ ọn lẹ́nu títí tó fi sọ ọ́ tán. "Ẹnu rẹ ò ṣe nǹkan kan. Ẹsẹ̀ rẹ ló ti ń lọ sílé. Obìnrin tó ní òun ò kúrò nílé ọkọ, ṣé bó ṣe ń dúró nìyí? Nígbà ìtàgé, ẹni tó jókòó sẹ́yìn pátápátá kì í gbọ́ ohun tí à ń sọ. Ẹni yẹn gan-an là ń ṣe é fún."

Làtífátù nu ojú, ó fi àtẹ́lẹsẹ̀ méjèèjì tẹ ilẹ̀ dáadáa, ó tún bẹ̀rẹ̀. Bó ṣe dé àárín ọ̀rọ̀ ni ọkọ̀ ojú irin ń bọ̀ lẹ́yìn ògiri, ó fọn fèrè kíkankíkan. Làtífátù dákẹ́. Ẹni tó di kámẹ́rà mú gbọ́wọ́ kúrò. Bí wọ́n ti ń ṣe é níbi gbogbo nìyẹn: bí ariwo bá wọlé, iṣẹ́ á dúró.

Ọ̀gá Dìran fò dìde. "Ta ló ní kẹ́ ẹ dúró?"

Gbogbo wọn ń wo ara wọn. Tóyìn na ìka sí ọ̀nà ojú irin. Baba náà wo ìka yẹn, ó wo ògiri.

"Ọkọ̀ ojú irin! Ṣé òun ló máa wá darí fíìmù mi ni? Òjò lu páànù lé wa lórí n'Ítòkú nígbà ìtàgé, a ò dúró. Máa ṣe é lọ! Ohùn, Tóyìn á gbà á sílẹ̀ lọ́tọ̀ tó bá yá."

Làtífátù ń ṣe é lọ nínú ariwo náà. Kò sẹ́ni tó gbọ́ ọ̀rọ̀ kan lẹ́nu rẹ̀. Miriam wò ó nínú ẹ̀rọ kékeré tó ń gbé àwòrán kámẹ́rà jáde, ó rí obìnrin kan tí gbogbo ẹbí ò lè ṣí nídìí, omi sì bọ́ lójú Miriam fúnra rẹ̀ kó tó mọ̀.

"Òun nìyẹn," Ọ̀gá Dìran wí. Ọkọ̀ náà kò tíì kọjá tán.

Miriam bọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan, ó pe Èkó. Ó ní agídí baba náà kì í ṣe irọ́, àmọ́ bí wọ́n bá gba fíìmù yìí lọ́wọ́ rẹ̀, kí wọ́n gba iṣẹ́ lọ́wọ́ òun náà. Wọ́n jiyàn títí, wọ́n gbà.

Ìgbà tó padà, àwọn òṣèré ti wọlé lọ bọ́ aṣọ, Tóyìn ti tẹ̀ lé wọn. Ọ̀gá Dìran nìkan ló kù, ó kẹ̀yìn sí i, ó ń wo ohun tí wọ́n yà.

"Sà, wọ́n ti gbà o! Wọ́n ní kẹ́ ẹ máa bá fíìmù yín lọ!"

Kò wẹ̀yìn. Miriam tún un sọ, ó pariwo. Baba náà ń rẹ́rìn-ín sí àwòrán rẹ̀.

Ojú Miriam gbóná. "Wọ́n ò parọ́ mọ́ yín. Èmi tí mo fi iṣẹ́ mi dúró fún yín, mi ò tó ẹni tẹ́ ẹ lè bojú wẹ̀yìn wò? Ó dáa. Mo ṣì lè pè wọ́n padà." Ó fa fóònù yọ, ó wá nọ́ńbà náà.

Tóyìn sáré jáde láti inú ilé, ó di ọwọ́ rẹ̀ mú kó tó tẹ̀ ẹ́, ó ní, "Jọ̀ọ́, ọmọ mi, lọ síwájú rẹ̀ kó o sọ ọ́, kó lè rí ẹnu rẹ, ọdún kẹrin rèé tí etí rẹ̀ méjèèjì ti di pátápátá."