Ẹlẹ́rìí Fadérera

Oṣù mẹ́jọ ni Ìyá Fadérera ti ń lọ, tó ń bọ̀ ní ọ́fíìsì ìjọba. Bàálù já lu ilé wọn, gbogbo èrò inú bàálù náà kú, Fadérera náà sì jóná ní ẹ̀yìnkùlé, ṣùgbọ́n orúkọ rẹ̀ kò sí nínú ìwé àwọn olóògbé.

"Ìyá, ẹ mú ẹni tó rí i níbẹ̀ lọ́jọ́ náà wá," ni akọ̀wé tún wí ní ìrọ̀lẹ́ yìí, bó ti ń ti kọ́bọ́ọ̀dù rẹ̀ pa.

"Ta ló ṣẹ́kù ládùúgbò? Àbí kí n lọ bi eérú?"

"Ẹ padà wá lọ́jọ́ Ajé." Ó bá tirẹ̀ lọ.

Inú ń bí Ìyá débi pé kò mọ ìgbà tí ọkùnrin kan jókòó tì í lórí bẹ́ǹṣì. Òjò ń rọ̀ níta, síbẹ̀ aṣọ ọkùnrin náà gbẹ. Ó ń rùn bíi kẹrosíìnì.

"Ẹ kú ìrọ́jú, mà. Mo rí i. Ìró aláwọ̀ ewé ló ró, ó ń sá aṣọ sórí okùn. Ó gbójú sókè wò mí, ó sì fọwọ́ bo orí."

Ìró yẹn gan-an ni Fadérera ró lọ́jọ́ náà.

"Ọlọ́run á gbè ọ́, ọmọ mi! Wá sọ ọ́ fún wọn lọ́jọ́ Ajé. Ibo lo dúró sí?"

"Mi ò dúró, mà. Mo jókòó létí fèrèsé ni."

"Fèrèsé ilé ta?"

Ọkùnrin náà tẹrí ba, ó ń fi ọwọ́ méjèèjì tiraka láti tú bẹ́líìtì àga bàálù tó dè é ní ìbàdí.