Kọ́kọ́rọ́ Wà Lórí Òpó

"Màmá, mo ti bá yín pe ọkọ̀ aláìsàn. Ó ti ń bọ̀," ni obìnrin tó ń ṣọ́ iná àdúgbò wí sínú fóònù.

"Kó tó dé ńkọ́, ọmọ mi? Ẹ̀rọ tí ọkọ mi fi ń mí ti dákẹ́! Tan iná, jọ̀ọ́!"

Obìnrin náà wo àgádágodo tó wà lára ẹ̀rọ ìtanná. Òfin iṣẹ́ wọn ni pé ẹni tó fẹ́ gun òpó ni yóò fọwọ́ ara rẹ̀ pa iná, tí yóò tì í pa, tí yóò sì mú kọ́kọ́rọ́ gòkè, kí ẹnikẹ́ni má baà tan iná mọ́ ọn lórí. Ọ̀kẹ́rẹ́, àbúrò rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́, ló wà lókè. Kò sì lè parí iṣẹ́ kí ogún ìṣẹ́jú tó pé.

"Ẹ forí jì mí, Màmá. Agbára mi ò ká a."

"Ó dáa, bá mi pe àbígbẹ̀yìn wa. Ọ̀dọ̀ yín ló ti ń ṣiṣẹ́, Ọ̀kẹ́rẹ́ lẹ ń pè é. Kò ní jẹ́ kí bàbá ẹ̀ kú."

Ohùn Ọ̀kẹ́rẹ́ dún nínú rédíò orí tábìlì, obìnrin náà sì fọwọ́ bo ẹnu fóònù.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹyẹ kan ń wò mí níbí bíi pé mo gbalé ẹ̀. Ṣé kò séwu nísàlẹ̀?"

"Kò séwu, àbúrò," ló dáhùn. "Rọra ṣe é."