Ilé Tí Ó-ti-yé-mi Rà Láìbéèrè Ọ̀rọ̀ Èlé

Ohun tó ba ayé ọkùnrin yìí jẹ́ kì í ṣe ọ̀lẹ, kì í sì í ṣe ọtí. Ìgbéraga tó fara pẹ́ ìtìjú ni: kò lè fi ẹnu ara rẹ̀ sọ pé ọ̀rọ̀ kan kò yé òun. Bí ènìyàn bá ń ṣàlàyé nǹkan fún un, kí onítọ̀hún tó dé ìdajì, yóò ti mi orí, yóò ní, "Ó ti yé mi." Bí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe sọ ọ́ ní Ó-ti-yé-mi nìyẹn. Kò bínú sí i. Ó rò pé oríkì ni.

Iṣẹ́ fíríìjì àti ẹ̀rọ amúlétutù ló ń ṣe, ọwọ́ rẹ̀ sì mọ́ níbẹ̀. Ìyàwó rẹ̀, Ìyá Ìbejì, ń ṣe irun ní ṣọ́ọ̀bù àyágbé kan. Yàrá méjì tí wọ́n háyà ń jò. Bí òjò bá ti ṣú, ìyàwó á gbé bọ́kẹ́ẹ̀tì sórí bẹ́ẹ̀dì àwọn ọmọ. Lọ́jọ́ tí onílé tún fowó kún owó ilé, Ó-ti-yé-mi lu àyà.

"Ó tó gẹ́ẹ́! Ilé tèmi ni màá kú sí."

Wọ́n rí ilé oníyàrá mẹ́ta kan, ó wu àwọn méjèèjì. Owó tí Ìyá Ìbejì ti ń tọ́jú láti fi gba ṣọ́ọ̀bù tirẹ̀ ni wọ́n fi ṣe àsansílẹ̀. Èyí tó kù, báǹkì ní àwọn á yá wọn, kí wọ́n máa san án fún ogún ọdún.

Obìnrin tó jókòó tì wọ́n ní báǹkì ní sùúrù. Ó ní, "Ọ̀gá, ẹ jẹ́ kí n là á yé yín. Ọdún méjì àkọ́kọ́, èlé orí owó yìí á fúyẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn, ó lè gòkè. Owó tí ẹ ó sì máa san níbẹ̀rẹ̀, èlé ló máa kó èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀. Ojú owó tí ẹ yá gan-an ò ní tètè dín. Tí ẹ bá wá ṣírò gbogbo ẹ̀ títí dé ìparí..."

"Màdáámù, èló ni lóṣù?"

Obìnrin náà sọ iye rẹ̀. Kò fi bẹ́ẹ̀ ju owó tí wọ́n fi ń háyà lọ.

"Ó ti yé mi. Ibo ni màá fọwọ́ sí?"

Ìyàwó rẹ̀ fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́ lẹ́sẹ̀ lábẹ́ tábìlì. "Bàbá Ìbejì, ẹ jẹ́ kí wọ́n sọ ọ́ tán."

"Ṣé o fẹ́ kí wọ́n rò pé mi ò kàwé ni?" Bẹ́ẹ̀ ni tọkọtaya fọwọ́ síwèé. A kì í fi ìkánjú lá ọbẹ̀ gbígbóná, ṣùgbọ́n ọkùnrin náà ti ki ahọ́n bọ̀ ọ́.

Ọdún méjì dùn. Ní ọdún kẹta, èlé gòkè, owó tí wọ́n ń san lóṣù sì fò sókè bí ẹni tí àkéekèé ta. Ó-ti-yé-mi sáré lọ sí báǹkì. Wọ́n ní àwọn lè dín owó oṣù kù bí ó bá gbà kí àwọn na ọdún rẹ̀ sí ọgbọ̀n. Inú rẹ̀ dùn, ó tún fọwọ́ sí i. Kò béèrè ohun tí ọdún mẹ́wàá tó lé lórí yẹn máa jẹ. Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ.

Èlé tún gòkè. Ìbẹ̀rù wá di aṣọ ìbora fún un. Bí fóònù bá dún, ọkàn rẹ̀ á já. Ó ń jẹun lórí ìdúró, ó ń jágbe mọ́ àwọn ọmọ nítorí iná tí wọn ò pa. Ó fowó kún iṣẹ́ rẹ̀, àwọn oníbàárà sì sá. Ó ta ọkọ̀ tó fi ń gbé ẹrù, ó wá ń ru àpótí irinṣẹ́ wọ bọ́ọ̀sì. Oṣù tí kò bá rí san, báǹkì á bu owó ìtanràn lé e.

Ìyàwó rẹ̀ á béèrè pé, "Ṣé ẹ ti san ti oṣù yìí?"

"Mo ti san án jàre."

Irọ́ ni. Bí a bá sọ òkò sọ́jà, ará ilé ẹni ní í bà. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, báǹkì pe Ìyá Ìbejì ní ṣọ́ọ̀bù, nítorí òun náà fọwọ́ sí i. Orí oníbàárà wà lọ́wọ́ rẹ̀, ó ti di irun náà dé ìdajì. Ó fetí sílẹ̀, ó wá rọra béèrè ohun tí ọkọ rẹ̀ kò béèrè láti ọdún méje: "Ẹ jọ̀ọ́, nínú owó tí a yá, èló ló kù?"

Wọ́n sọ fún un. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó iye tí wọ́n kọ́kọ́ yá. Ọdún méje ni wọ́n ti ń fi agbọ̀n pọnmi. Ìyàrun bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Nígbà tó délé, kò pariwo. Ó ní, "Bàbá Ìbejì, ká ní ẹ sọ fún mi pé kò yé yín ni, à bá jọ lọ béèrè."

Ọkùnrin náà fa àwọn ìwé báǹkì yọ lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ó kó wọn lé e lọ́wọ́.

Ṣùgbọ́n gbèsè tí wọn ò san ti pọ̀ jù, báǹkì ta ilé náà. Nígbà tí wọ́n yọ owó wọn àti èlé, èyí tó ṣẹ́ kù kò tó gba yàrá kan. Ìyá Ìbejì kó àwọn ọmọ lọ sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, owó ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ sì wọgbó. Ó-ti-yé-mi ń sùn lórí páálí níbi iṣẹ́ rẹ̀, láàárín àwọn fíríìjì onífíríìjì. Ọdún yẹn ò tíì parí tí wọ́n fi pè é síṣẹ́ ní òpópónà kan tó mọ̀ dáadáa. Àwọn tó ra ilé rẹ̀ ni. Ẹ̀rọ amúlétutù wọn kò tutù mọ́.

Obìnrin tó ni ilé náà báyìí ṣílẹ̀kùn fún un, ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Ẹ káàbọ̀ o. Ẹ máa tẹ̀ lé mi, kí ẹ má baà ṣìnà."

Ó tẹ̀ lé e.

Ẹ̀yin ènìyàn mi, yíyá owó kọ́lé tàbí rà á kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ ṣe é, kó má ṣe béèrè iye oṣù kan nìkan. Kó béèrè iye tí gbogbo rẹ̀ yóò jẹ́ títí di ọjọ́ tó máa san án tán, kó béèrè ibi tí èlé lè gùn dé, kó sì mọ̀ pé owó oṣù tó kéré fún ọdún gígùn lè ju èyí tó tóbi fún ọdún kúkúrú lọ. Bí kò bá yé e, kó ní kò yé òun, kó sì jẹ́ kí ìyàwó tàbí ọkọ rẹ̀ gbọ́ òótọ́ ní kùtùkùtù. Ìtìjú ìbéèrè kì í pẹ́ lójú. Abéèrè ọ̀nà kì í ṣìnà.